Ìbàdàn Tí Ó Bí Lápàdé

Ọ̀pọ̀ ọmọ wa ní Hausari ni kò tíì fojú kan Ìbàdàn, nítorí náà ìtàn lásán ni Àjà Ló Lẹrù lójú wọn. Bẹ́ẹ̀, ẹ̀rí ni ìwé náà.

A máa ń sọ pé ogun abẹ́lé ni ó kó ìbọn lé àwọn adigunjalè lọ́wọ́. Òótọ́ wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n oṣù kìíní ọdún 1970 ni ogun parí, ọdún 1969 sì ni ìwé Olóògbé Ọládẹ̀jọ Òkédìjí yìí jáde. Ẹ̀rù ọ̀daràn ti wà nílùú ṣáájú.

Kí ló dé tí Lápàdé fi jẹ́ ọlọ́pàá tó ti fi iṣẹ́ sílẹ̀? Ẹ jẹ́ kí a rántí ìdìbò ọdún 1965 ní Ìwọ̀-Oòrùn, nígbà tí Dẹ́mọ àti UPGA kojú ara wọn. Wọ́n dáná sun ilé, wọ́n sun ènìyàn pẹ̀lú. Wẹ́tíẹ̀ ni wọ́n pè é. Abẹ́ ìjọba ìbílẹ̀, tí àwọn olóṣèlú ń darí, ni ọlọ́pàá ìbílẹ̀ wà. Ta ni ará ìlú yóò sá tọ̀? Lójú tèmi, ibẹ̀ ni Òkédìjí, olùkọ́ ọmọ bíbí Ọ̀yọ́, ti rí akọni rẹ̀.

Òfin ikú fún adigunjalè dé ní 1970. Ní 1971, bí wọ́n ti ń yìnbọn pa wọ́n ní Bar Beach l'Ékòó, Àgbàlagbà Akàn jáde, Lápàdé sì tún gbéra.