Okada Air: Bí orúkọ iléeṣẹ́ ọkọ̀ òfuurufú ṣe di orúkọ alùpùpù ní Ṣómólú àti Bàrígà

Bí ẹnikẹ́ni ní Bàrígà bá sọ lónìí pé òun fẹ́ wọ ọ̀kadà, alùpùpù ló ń sọ, kò sẹ́ni tó máa bi í pé èwo ló ń pè bẹ́ẹ̀. Àmọ́ kí orúkọ yẹn tó balẹ̀ sójú títì wa, ojú ọ̀run ló wà. Okada jẹ́ ìlú kan ní ìjọba ìbílẹ̀ Ovia North-East, ní ìpínlẹ̀ Ẹdó. Ibẹ̀ ni ìlú Olóyè Gabriel Osawaru Igbinedion, Ẹsama ìlú Bìní. Àwọn ni wọ́n dá iléeṣẹ́ ọkọ̀ òfuurufú Okada Air sílẹ̀ ní ọdún 1983, tí wọ́n sì fi orúkọ ìlú wọn pè é.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ wo bí nǹkan ṣe rí nígbà náà. Nigeria Airways, tí í ṣe ti ìjọba, ló ń kó ọ̀pọ̀ èrò tó bá fẹ́ wọ bààlúù láti ìlú kan sí ìkejì. Láti 1958 ló ti wà. Nígbà tó máa fi di ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1980 síwájú, ẹni tó ní tíkẹ́ẹ̀tì lọ́wọ́ kò dájú pé òun máa rí ìjókòó. Ẹsẹ̀ ni wọ́n fi ń du bààlúù. Bí wọ́n bá ti ní kí èrò máa bọ̀, ẹni tó bá lè sáré ló ń jókòó, bí ìgbà téèyàn ń du mólùẹ̀ ní Ojúẹlẹ́gba. Àwọn ìlú tó jìn sí Èkó ló ń jìyà jù, torí bí wọn ò bá rí bààlúù wọ̀, ọjọ́ kan tàbí ọjọ́ méjì lójú títì ni.

Àlàfo yìí làwọn oníṣòwò aládàáni rí. Kabo Air ti bẹ̀rẹ̀ ní Kánò ní 1980. Okada Air ní tiẹ̀ fi Bìní ṣe ibùdó, ó sì kọ́kọ́ ń ṣe ọkọ̀ àháyà, ìyẹn ni pé àwọn tó fẹ́ lò ó ló máa ń háyà odindi bààlúù.

Bààlúù tó ra

BAC 1-11 ni irú bààlúù tí Okada Air fẹ́ràn. Bìrìtéènì ni wọ́n ti ṣe é, ọdún 1963 ló kọ́kọ́ fò. Ẹ́ńjìnnì méjì ló ní, ẹ̀yìn sì ni méjèèjì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìrù. Àlòkù ni wọ́n ń rà, àwọn tó ti ṣiṣẹ́ fún ọdún pípẹ́ lọ́wọ́ àwọn òyìnbó. Ariwo rẹ̀ kì í ṣe kékeré, bẹ́ẹ̀ ló ń mu epo gan-an. Ní Yúróòpù, òfin ariwo ti ń lé e kúrò ní pápákọ̀.

Ṣùgbọ́n kò ṣàdédé wúlò nílẹ̀ wa. Àtẹ̀gùn rẹ̀ wà lára rẹ̀, lábẹ́ ìrù, èrò lè gba ibẹ̀ wọlé kó sì gba ibẹ̀ sọ̀ láìjẹ́ pé pápákọ̀ ní àtẹ̀gùn tí wọ́n ń tì kiri. Ó tún ní ẹ́ńjìnnì kékeré tó ń fún un níná nígbà tó bá dúró sílẹ̀. Pápákọ̀ tí kò ní ju ojú ọ̀nà ọ̀dà àti ilé kékeré kan lọ, BAC 1-11 lè dé ibẹ̀, kó já èrò, kó gbé òmíràn, kó sì gbéra. Ohun tí èmi gbà pé ó mú kí orúkọ Okada tètè tàn nìyẹn.

Ní 1984, wọ́n ra Boeing 707 kan fún ẹrù. Lápapọ̀, BAC 1-11 mẹ́rìnlélógún ló gba ọwọ́ iléeṣẹ́ náà kọjá, ìwọ̀nba iléeṣẹ́ ló ní tó bẹ́ẹ̀ lágbàáyé. Ní 1992, ìjọba fún wọn láṣẹ láti máa gbé èrò lọ sókè òkun. Wọ́n tiẹ̀ ra Boeing 747 kan, bààlúù ńlá tó ní òkè àti ìsàlẹ̀!

SAP gbé ọ̀kan dìde, ó gbé ìkejì ṣubú

Ọdún 1986 ni ìjọba ológun Ọ̀gágun Ibrahim Babangida gbé ètò àtúntò ọrọ̀ ajé tí gbogbo wa mọ̀ sí SAP dé. Iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ ọ̀pọ̀ èèyàn. Ọkọ̀ tuntun di ọ̀wọ́n, bọ́ọ̀sì tó wà nílẹ̀ ń gbó, kò sì sí pààtì láti tún un ṣe. Ẹni tó bá ní alùpùpù bẹ̀rẹ̀ sí í fi gbé èrò. Wọ́n ti ń ṣe é ní Kàlàbá tẹ́lẹ̀, àwọn ará Òkè Ọya sì ń pè é ní achaba. L'Ékòó, níbi tí sún-kẹrẹ-fà-kẹrẹ ti ń dá èèyàn dúró fún wákàtí mẹ́ta, alùpùpù ń gba àárín ọkọ̀ kọjá, ó ń yára gbéni débi téèyàn ń lọ bí bààlúù Okada. Báyìí ni orúkọ náà ṣe lẹ̀ mọ́ ọn. Lójú tèmi, àwàdà àwa mẹ̀kúnnù tún wà níbẹ̀: ẹni tí kò rówó wọ Okada ti ojú ọ̀run, ó ti wọ ti ilẹ̀.

Ohun kan náà tó bí ọ̀kadà ojú títì ló ń pa ti òfuurufú. Náírà ni èrò fi ń ra tíkẹ́ẹ̀tì, dọ́là ni wọ́n fi ń ra pààtì, dọ́là ni wọ́n fi ń san owó àtúnṣe ẹ́ńjìnnì nílẹ̀ òkèèrè. Ní 1985, dọ́là kan kò tó náírà kan. Nígbà tó fi máa di 1995, iye tí ìjọba ń pè é ti di náírà 22, ti ọjà ẹ̀yìn sì ti kọjá náírà 80. Bààlúù tó bá sì ti gbó, ojoojúmọ́ ló ń béèrè pààtì.

Ìjàm̀bá náà kò gbẹ́yìn. Ní oṣù Òkúdu 1991, BAC 1-11 Okada kan já lulẹ̀ nítòsí Sókótó, ẹ̀mí sì lọ sí i. Ní 1997, Okada Air kógbá sílé. Ọ̀pọ̀ ọdún lẹ́yìn náà ni òkú bààlúù rẹ̀ ṣì wà ní pápákọ̀ Bìní, tí òjò ń pa wọ́n. Kò tún sí ọ̀nà àbáyọ fún wọn mọ́ lẹ́yìn oṣù Èbìbí 2002, nígbà tí BAC 1-11 iléeṣẹ́ EAS já sórí ilé àwọn èèyàn ní Kánò, tí ìjọba sì fòfin de àwọn bààlúù tó ti gbó jù. Nigeria Airways fúnra rẹ̀ kò kọjá 2003.

Ní ọ̀dọ̀ wa ńkọ́?

Ẹni tó bá mọ Ṣómólú àti Bàrígà á mọ̀ pé etí Ikorodu Road ni bọ́ọ̀sì ńlá ń dúró sí: Fàdéyí, Onípanu, Palmgrove. Láti ibẹ̀ wọ Akọ́kà, Ladi-Lak, títí dé Ìlàjẹ àti Àgọ́ Ẹ̀gùn létí ọ̀sà, òpópónà ń fún pọ̀ ni. Ọ̀kadà ló ń gbé akẹ́kọ̀ọ́ UNILAG, òun ló ń gbé ìyá tó ra ẹja bọ̀. Àwọn atẹ̀wé Ṣómólú náà, bébà wọn ń bẹ lẹ́yìn ọ̀kadà. Ká má purọ́, òun náà ló ń gbé èèyàn lọ sílé ìwòsàn eegun ní Ìgbóbì, tí kò jìnnà sí wa rárá.

Ní 2012, òfin ìrìnnà Èkó lé wọn kúrò ní òpópónà 475. Ní ọjọ́ kìíní oṣù Èrèlè 2020, ó tún le sí i, iléeṣẹ́ Gokada, tó fi orúkọ náà ṣòwò lórí fóònù, sì yà sí gbígbé ẹrù dípò èrò. Ní ọjọ́ kìíní oṣù Òkúdu 2022, wọ́n fòfin dè wọ́n pátápátá ní ìjọba ìbílẹ̀ mẹ́fà. Ṣómólú kò sí níbẹ̀. Oṣù mẹ́ta péré lẹ́yìn rẹ̀, ní ọjọ́ kìíní oṣù Ọ̀wẹwẹ̀, ó kàn wá: Ṣómólú àti Bàrígà, pẹ̀lú Kosọfẹ́, Oshodi-Isolo àti Mushin.

Kẹ̀kẹ́ Màrúwá àti kóropé ló gba ipò wọn, pẹ̀lú àwọn bọ́ọ̀sì kéékèèké tí ìjọba kó jáde ní 2021. Àmọ́ ẹni tó sọ̀ ní Onípanu lóru, tó ń lọ sí Ìlàjẹ, kẹ̀kẹ́ kì í tètè kún. Torí náà ni àwọn kan ṣe ṣì ń yọ́ ọ̀kadà wọ̀. Ẹ rántí pé òfin náà kò ya ẹni tó ń wà á sọ́tọ̀ sí ẹni tó jókòó sẹ́yìn: ẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́ta ló lè já sí fún àwọn méjèèjì, wọ́n á sì run alùpùpù náà.