Ìdìbò fún Àga Kan Ṣoṣo ní Èkó, 1941

Ní ọdún 1941, Dókítà K. A. Abáyọ̀mí fi àga rẹ̀ nínú Ìgbìmọ̀ Aṣòfin Nàìjíríà sílẹ̀. Ọ̀kan ni àga yìí lára mẹ́ta tí ẹgbẹ́ Nigerian Youth Movement gbà lọ́wọ́ ẹgbẹ́ Herbert Macaulay ní 1938. Ẹni méjì ló fẹ́ rọ́pò rẹ̀: Ernest Ikoli, oníwèé-ìròyìn tó jẹ́ ọmọ Ijaw, àti Samuel Akínsànyà, ọmọ Ìsarà ní Rẹ́mọ. Àwọn méjèèjì wà lára àwọn tó dá ẹgbẹ́ náà sílẹ̀ ní 1934. Ìgbìmọ̀ aláṣẹ ẹgbẹ́ mú Ikoli. Akínsànyà kò gbà. Ó dá dúró láti díje, Nnamdi Azikiwe sì gbè é lẹ́yìn. Ikoli ló wọlé.

Àwọn tó dìbò kò pọ̀. Ọkùnrin nìkan ni, ẹni tí owó tó ń wọlé fún un lọ́dún tó £100, tó sì ń gbé inú ìlú Èkó gan-an. Ará Ìlàsàn, níbi tí Ẹ̀sìtéètì Jákàńdè wà lónìí, kò sí nínú rẹ̀. (Látééf Jákàńdè alára, Daily Service tí Ikoli ti jẹ́ olóòtú rẹ̀ rí ló ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ìròyìn ní 1949.)

Wọ́n sábà máa ń sọ pé ọ̀rọ̀ ẹ̀yà ló tú ẹgbẹ́ náà ká. Òótọ́ ni pé Azikiwe jáde, tí ọ̀pọ̀ ọmọ Ìgbò àti Ìjẹ̀bú sì bá a lọ. Wọ́n ní nítorí pé Akínsànyà jẹ́ Ìjẹ̀bú ni wọ́n ṣe rẹ́ ẹ jẹ. Ṣùgbọ́n Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀, ọmọ Ìkẹ́nnẹ́, Rẹ́mọ bíi ti Akínsànyà, Ikoli ló tì lẹ́yìn. Bó bá jẹ́ pé ẹ̀jẹ̀ nìkan ló ń pàṣẹ, kí ló gbé e débẹ̀? Lójú tirẹ̀, ìpinnu ẹgbẹ́ gbọ́dọ̀ de gbogbo ọmọ ẹgbẹ́. Ẹjọ́ ìlànà ni èyí kí ó tó di ẹjọ́ ẹ̀yà. Ìdíje ìwé ìròyìn kò sì ṣeé fọwọ́ rọ́ sẹ́yìn: West African Pilot ti Azikiwe àti Daily Service ti ẹgbẹ́ ń du òǹkàwé kan náà.

Akínsànyà padà di Ọdẹ́mọ Ìsarà. Ní 1944, Azikiwe àti Macaulay, ẹni tí ẹgbẹ́ náà ti borí, jọ dá NCNC sílẹ̀.