Láti Ọwọ́ Onígbàjámọ̀ sí Ọwọ́ Ẹni Tí Ó Ni Orí: Kílípà àti Irun Gígẹ̀ Nílé láàrin Àwọn Yorùbá

Ìfáárà

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní a kì í fá orí lẹ́yìn olórí. Òwe náà sọ pé olórí gbọ́dọ̀ wà níkàlẹ̀. Kò sọ pé òun ni yóò di abẹ mú. Ẹni méjì ni ó wà nínú rẹ̀: ẹni tí ó ni orí àti ẹni tí ó ń fá a. Lóde òní, ọ̀pọ̀ ọkùnrin ń fi kílípà dá irun ara wọn gẹ̀ nínú ilé. Báwo ni ẹni méjì ṣe di ẹyọ ẹnì kan? Ìdáhùn tí ó yá lẹ́nu ni pé àrùn Kòrónà ni ó fà á. Èrò tí àpilẹ̀kọ yìí gbé kalẹ̀ ni pé ìbẹ̀rù abẹ àjọlò ti gbé kílípà wọlé kí Kòrónà tó dé.

Orí Lábẹ́ Ọwọ́ Ẹlòmíràn

Lójú Yorùbá, orí òde ni àmì orí inú. Ẹni tí ó bá fá orí ènìyàn ti fọwọ́ kan ohun tí ó ju irun lọ. Ní ààfin Ọ̀yọ́, a ń fá apá kan orí àwọn ìlàrí, ìránṣẹ́ Aláàfin, a sì ń dá apá kejì sí. Samuel Johnson ṣe àlàyé èyí nínú The History of the Yorubas, tí a tẹ̀ jáde ní 1921. Irun wọn ni ó ń sọ ẹni tí wọ́n ń sìn. Fífá orí wà lára ètò tí a fi ń sọ ènìyàn di adóṣù òrìṣà, bẹ́ẹ̀ náà ni ó sì rí títí di òní fún ìyàwó òrìṣà ní Cuba àti Brazil. Àwọn Mùsùlùmí ń fá orí ìkókó ní ọjọ́ keje. Ní ìlú púpọ̀, a ti fá orí opó rí. Kò sí ọ̀kan nínú ìwọ̀nyí tí olórí ń fá fúnra rẹ̀, nítorí pé àwùjọ ni ó ń tipa abẹ sọ ipò tuntun tí ó bọ́ sí.

Fún irun ojoojúmọ́, onígbàjámọ̀ ni a ń pè. Orúkọ iṣẹ́ rẹ̀ súnmọ́ wanzami, tí àwọn Haúsá ń pe oníṣẹ́ kan náà. Ẹni tí ó bá jókòó síwájú rẹ̀ ti fi etí, ọrùn àti ìpàkọ́ lé e lọ́wọ́. Ìgbẹ́kẹ̀lé ni ìpìlẹ̀ iṣẹ́ náà.

Ẹ̀rọ Dé

Ní 1919, Leo J. Wahl, ará Sterling ní ìpínlẹ̀ Illinois ní Amẹ́ríkà, béèrè fún ẹ̀tọ́ oníhùmọ̀ lórí kílípà oníná. Ẹ̀rọ yìí yàtọ̀ sí abẹ lọ́nà méjì. Èkíní, eyín irin méjì ni ó ní: ọ̀kan dúró sójú kan, èkejì ń lọ ń bọ̀ lórí rẹ̀. Èyí tí ó dúró ni ó ń kan awọ orí, nítorí náà ewu ọgbẹ́ dínkù. Èkejì ni kóòmù oníke tí a ń fi bọ̀ ọ́ lẹ́nu: èyí tí a kọ 1 sí ń dá irun tí ó tó nǹkan bíi mìlímítà 3 sí, èyí tí a kọ 2 sí ń dá bíi 6 sí. Ìwọ̀n tí ó ti wà lójú àti lọ́wọ́ oníṣẹ́ tẹ́lẹ̀ ti bọ́ sínú ike, ẹni tí kò kọ́ṣẹ́ sì lè lò ó.

Síbẹ̀, kílípà kò tètè kúrò ní ṣọ́ọ̀bù. Iná mànàmáná ti dé Èkó láti 1896, ṣùgbọ́n kò ṣeé gbára lé. Onígẹ̀run tí ó ní jẹnẹrétọ̀ lè ṣiṣẹ́. Ẹni tí iná lọ mọ́ lórí nílé yóò jókòó pẹ̀lú irun ààbọ̀. Kílípà oníbátìrì ni ó yanjú ìṣòro yìí.

Èdè pàápàá jẹ́rìí sí ìyípadà náà. Abẹ ń fá orí, kílípà ń gẹ irun. Nínú gbólóhùn àkọ́kọ́, orí ni a ṣe nǹkan sí. Nínú èkejì, irun lásán ni. Ohun tí ó di ọ̀rọ̀ irun lásán rọrùn láti dá ṣe.

Kílípà Wọ Ilé

Ní 1986 ni a kéde pé àrùn Éèdì ti wọ Nàìjíríà. Ìkìlọ̀ tí ó tẹ̀lé e ni pé kí ẹnikẹ́ni má ṣe bá ẹlòmíràn lo abẹ pọ̀. Ìkìlọ̀ yìí kan àwọn onígẹ̀run gbọ̀ngbọ̀n. Wọ́n ń fi sípíríìtì tàbí iná pa kòkòrò lára irin wọn, ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ oníbàárà ra kílípà tiwọn, wọ́n ń kó o sínú àpò lọ sí ṣọ́ọ̀bù, wọ́n sì ń gbé e padà sílé. Ìpele yìí ṣe pàtàkì, a kò sì gbọdọ̀ fò ó: irinṣẹ́ ti di ti olórí, iṣẹ́ ọwọ́ ṣì jẹ́ ti onígẹ̀run. Ìgbẹ́kẹ̀lé ti pín sí méjì.

Nígbà tí òfin kónílé-ó-gbélé bẹ̀rẹ̀ ní Èkó, Ògùn àti Àbújá ní 30 oṣù kẹta 2020, kílípà ti wà nínú àpótí ní ilé púpọ̀. Ní England, níbi tí ọ̀pọ̀ ọmọ Yorùbá ń gbé, ṣọ́ọ̀bù irun wà ní títì láti oṣù kẹta títí di 4 oṣù keje ọdún náà. Ohun tí òfin náà mú kúrò ni ọwọ́ onígẹ̀run. Kì í ṣe òun ni ó mú irinṣẹ́ wá.

Àgbálọgbábọ̀

Èrè wà nínú dídá irun ara ẹni gẹ̀: owó kò jáde, ìbẹ̀rù àrùn sì dínkù. Ṣùgbọ́n ohun kan ń sọnù. Barber Shop Chronicles, eré orí ìtàgé tí Inua Ellams kọ, tí a sì kọ́kọ́ ṣe ní National Theatre ní Lọ́ńdọ̀nù ní 2017, mú Èkó àti Lọ́ńdọ̀nù wà lára ìlú mẹ́fà tí ṣọ́ọ̀bù irun ti jẹ́ ibi tí ọkùnrin ti ń sọ ohun tí kò lè sọ níbòmíràn. Kò sí dígí inú ilé tí ó lè ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀.

Síbẹ̀, ẹni méjì inú òwe kò tíì di ẹnì kan tán pátápátá. Ẹni tí ó fá górímápá lè dá a ṣe. Ẹni tí ó fẹ́ kí ìlà ẹ̀yìn ọrùn rẹ̀ gún yóò pe ìyàwó, àbúrò tàbí ọmọ. Ìpàkọ́ onípàkọ́ là ń rí. Ẹni ẹlẹ́ni ní ń bá ni rí tẹni.