Ta Ni Yóò Jẹ́rìí fún Òkú? Ìwé Ìhágún àti Ẹ̀rí Rẹ̀ ní Kóòtù Èkó láti 1876

Ìfáàrà

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà. Ṣùgbọ́n ẹjọ́ kan wà tí adájọ́ kò lè gbọ́ tẹnu ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn jù lọ. Ẹjọ́ ìwé ìhágún ni. Ẹni tó ni ọ̀rọ̀ ti kú. Àwọn tó kù láyé ló ń jiyàn lórí ohun tó sọ. Ohun tí iṣẹ́ yìí fẹ́ fi hàn ni pé nígbà tí òfin Gẹ̀ẹ́sì dé Èkó, kì í ṣe pé ìwé kàn rọ́pò ọ̀rọ̀ ẹnu lásán. Irú ènìyàn tí a gbà gẹ́gẹ́ bí ẹlẹ́rìí òkú ló yí padà.

Ọ̀rọ̀ ìkẹyìn láàárín ẹbí

Nínú àṣà, àgbà tó bá mọ̀ pé ikú ti súnmọ́ tòsí a máa pe àwọn àgbà ẹbí àti àwọn ọmọ rẹ̀ jọ. Yóò sọ gbèsè tó jẹ àti èyí tí wọ́n jẹ ẹ́. Yóò sọ ẹni tí oko kan tàbí yàrá kan tọ́ sí. Lọ́jọ́ ogún pínpín, àwọn tó gbọ́ ni yóò tún un sọ. Kí ọ̀rọ̀ náà tó fẹsẹ̀ múlẹ̀, ó gbọ́dọ̀ hàn pé iyè olóògbé pé nígbà tó sọ ọ́, pé ohun-ìní tó ń wí kò rúni lójú, àti pé ẹlẹ́rìí wà níbẹ̀. Àwọn ẹlẹ́rìí wọ̀nyí gan-an ni ogún kàn. Àṣà kò ka èyí sí àbùkù, nítorí pé àwọn ọmọ ìyàwó kan ń ṣọ́ àwọn ọmọ ìyàwó kejì, olórí ẹbí sì ń ṣọ́ gbogbo wọn.

Òfin 1837 wọ Èkó

Òfin Ilé-Ẹjọ́ Gíga ti 1876 ló pàṣẹ pé kí àwọn òfin Gẹ̀ẹ́sì tó kan gbogbogbò, tó sì wà lẹ́nu iṣẹ́ ní 24 Oṣù Keje 1874, máa ṣiṣẹ́ ní Èkó, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó fi àyè sílẹ̀ fún òfin àbáláyé. Báyìí ni Òfin Ìwé Ìhágún ti 1837 ṣe wọlé. Ẹsẹ̀ kẹsàn-án rẹ̀ béèrè pé kí ìhágún wà ní àkọsílẹ̀. Kí ẹni tó ni ín fọwọ́ sí i, tàbí kí ẹlòmíràn bá a fọwọ́ sí i níṣojú rẹ̀ pẹ̀lú àṣẹ rẹ̀. Kí ẹlẹ́rìí méjì, ó kéré tán, sì jọ wà níbẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà.

Ẹsẹ̀ kẹẹ̀ẹ́dógún ló ya ọ̀nà tirẹ̀ sọ́tọ̀ sí ti àṣà. Bí ẹni tí a há ogún fún, tàbí ọkọ tàbí aya rẹ̀, bá fọwọ́ sí ìwé náà gẹ́gẹ́ bí ẹlẹ́rìí, ilé-ẹjọ́ lè gba ẹ̀rí rẹ̀, ṣùgbọ́n ohun tí a há fún un di òfo. Ẹni tí àṣà fọkàn tán nítorí pé ọ̀rọ̀ kàn án ni òfin yìí ń fura sí fún ìdí kan náà.

Ẹrù ta ni ẹ̀rí?

Ìlànà tí Privy Council gbé kalẹ̀ ní 1838 nínú ẹjọ́ Barry àti Butlin ni pé ẹni tó gbé ìwé wá síwájú ilé-ẹjọ́ ni yóò fi hàn pé ìfẹ́ olóògbé nìyẹn lóòótọ́. Bí ẹni tó bá olóògbé kọ ìwé bá tún jẹ nínú ogún náà, adájọ́ gbọ́dọ̀ la ojú rẹ̀ sílẹ̀ dáadáa. Ní 1951, Ilé-Ẹjọ́ Kò-tẹ́-mi-lọ́rùn ti Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà tẹ̀ lé ọ̀nà yìí nínú ẹjọ́ Johnson àti Maja: olùgbéwèéwá ni yóò kọ́kọ́ fi ẹ̀rí hàn, bó bá ti ṣe é tán, ẹni tó ní wọ́n fi ipá tàbí ẹ̀tàn gba ìwé náà lọ́wọ́ olóògbé ni ẹrù kàn.

Ẹjọ́ Apatira àti Akanke ti 1944 fi bí òfin náà ṣe le tó hàn. Mùsùlùmí ni olóògbé, ṣùgbọ́n ìlànà Gẹ̀ẹ́sì ni ìwé rẹ̀ tẹ̀ lé. Ilé-ẹjọ́ ní òfin 1837 ni a ó fi wọ̀n ọ́n. Nígbà tí kò kún ojú òṣùwọ̀n, ó ṣubú.

Ìkádìí

Kí ló ń tẹ̀yìn ìṣubú bẹ́ẹ̀ yọ? Ẹjọ́ Dawodu àti Danmole, tí Privy Council parí ní 1962, jẹ́ kí a rí i. Olóògbé kò fi ìwé ìhágún sílẹ̀. Ìyàwó 4 àti ọmọ 9 ló fi sílẹ̀. Bí a bá pín in ní ìdí-igi, ọ̀nà 4 ni. Bí ó bá jẹ́ orí-ò-jorí, ọ̀nà 9 ni. Ìdí-igi ni ilé-ẹjọ́ gbà gẹ́gẹ́ bí àṣà tó gbilẹ̀, àmọ́ ó gbà pé bí aáwọ̀ bá bẹ́ sílẹ̀, olórí ẹbí lè yan orí-ò-jorí.

Níbi tí kò bá ti sí ìwé tó dúró, nígbà náà, ọwọ́ olórí ẹbí ni ọ̀rọ̀ tún ń padà sí, ìyẹn ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn. Nítorí náà, kò tọ́ kí a máa ka ìtàn ìwé ìhágún nílẹ̀ Yorùbá sí ìtàn bí ìwé ṣe borí ẹnu. Nínú ọ̀nà méjèèjì, ènìyàn alààyè ló ń jẹ́rìí fún òkú. Ohun tí àkọsílẹ̀ kóòtù fi sílẹ̀ fún òpìtàn láti wádìí ni ẹni tí a gbà gbọ́, àti ìdí tí a fi gbà á gbọ́.