Ẹgbẹ́ Panápaná Ayé Àtijọ́

Bí igbe "Iná! Iná!" bá ta ní Agbowó tàbí ní Dùgbẹ̀, a kì í bẹ ẹnikẹ́ni kí ó tó sáré jáde. Ọ̀kan gbé garawa, èkejì bu iyanrìn. Ẹni tí kò rí nǹkan gbé a máa pàṣẹ. Ẹni rere ni gbogbo wọn. Ẹni tí ó ju dígí láti ojú fèrèsé òkè, tí ó sì rọra gbé tìmùtìmù sọ̀kalẹ̀, ẹni rere ni òun náà.

Kì í ṣe àwa nìkan. Ní Philadelphia ní ilẹ̀ Amẹ́ríkà, Benjamin Franklin àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ dá ẹgbẹ́ panápaná sílẹ̀ ní ọdún 1736. Wọn kò gba owó oṣù. Olúkúlùkù ní garawa awọ àti àpò tí yóò fi kó ẹrù jáde. Ẹni tí kò bá wá sí ìpàdé a san owó ìtanràn, èyí tí wọ́n fi ń ra àkàbà àti ẹ̀rọ. Ètò náà dára.

Ṣùgbọ́n nígbà tí ẹgbẹ́ pọ̀ ní àwọn ìlú ńlá, ìlara wọ inú wọn. Olúkúlùkù ń fẹ́ kí ẹgbẹ́ tirẹ̀ ni ó kọ́kọ́ da omi sí iná. Ní New York, wọn a rán alágbára kan ṣáájú pẹ̀lú àgbá òfìfo. A fi bo ẹnu ẹ̀rọ omi, a sì jókòó lé e, títí àwọn tirẹ̀ yóò fi fi okùn wọ́ ẹ̀rọ wọn dé. Bí ẹgbẹ́ mìíràn bá ká a mọ́ ibẹ̀, ìjà dé. Ẹ̀ṣẹ́ ń ró, ilé ń jó. Onílé kò mọ̀ bóyá kí òun pa iná ni tàbí kí òun làjà. Nítorí irú ìwà yìí ni Cincinnati fi dá ẹgbẹ́ panápaná tí ń gba owó oṣù sílẹ̀ ní ọdún 1853. New York ṣe bẹ́ẹ̀ ní 1865. Ní Èkó, lábẹ́ àwọn ọlọ́pàá ni iṣẹ́ náà ti bẹ̀rẹ̀ ní 1901.

Òǹkàwé mi, ọ̀rọ̀ ẹ̀rín nìkan kọ́. Ní oṣù January 1985 iná jó Cocoa House ní Dùgbẹ̀, ilé alájà 26 tí a fi owó kòkó àwọn àgbẹ̀ wa kọ́. Ọdún 1992 ni a tó tún un ṣí. Garawa kò lè dé irú òkè bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n inú ilé ìdáná ni ọ̀pọ̀ iná ti ń bẹ̀rẹ̀, aládùúgbò ni ó sì ń kọ́kọ́ dé ibẹ̀. Àgbájọ ọwọ́ ni a fi ń sọ̀yà. Nítorí náà, kí iná tó dé, kí àdúgbò ti mọ ẹni tí yóò pàṣẹ, ẹni tí yóò pọn omi, àti ẹni tí yóò kó àwọn ọmọdé jáde. Bí àyè bá sì wà fún dígí, kí a rọra gbé e wálẹ̀.