Ilẹ̀ gẹ́gẹ́ bí Ẹlẹ́rìí: Fíìmù Safi Faye àti Ìtàn Ìdílé ní Ilẹ̀ Okun

Ìfáàrà

Ọ̀pọ̀ fíìmù dókúmẹ́ńtárì ni ó máa ń fi oko àti igi ṣe ọ̀ṣọ́ lẹ́yìn ẹni tó ń sọ̀rọ̀. Safi Faye, ọmọ Senegal, kò ṣe bẹ́ẹ̀. Àpilẹ̀kọ yìí yẹ fíìmù rẹ̀ méjì wò láti fi hàn pé ilẹ̀ fúnra rẹ̀ ń jẹ́rìí sí ìtàn ìdílé, àti pé irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ yẹ ilẹ̀ Okun, ti àwọn Yorùbá Ìpínlẹ̀ Kogi ní Nàìjíríà, láti Iyara dé gbogbo Ìjùmú.

Ẹni tí Safi Faye jẹ́

Dakar ni wọ́n bí i sí ní 1943, ṣùgbọ́n Fad'jal, abúlé àwọn ẹ̀yà Serer, ni orírun ìdílé rẹ̀. Iṣẹ́ olùkọ́ ló ń ṣe kí ó tó pàdé Jean Rouch, onífíìmù ará Faransé, ní 1966. Lẹ́yìn tó kópa nínú fíìmù Rouch, ó lọ kọ́ ìmọ̀ àṣà ẹ̀yà àti iṣẹ́ sinimá ní Paris. Ó jáde láyé ní 2023.

Ẹ̀pà, owó ìyàwó àti òfin ilẹ̀

*Kaddu Beykat* (1975) jẹ́ lẹ́tà láti abúlé, ohùn Faye fúnra rẹ̀ ló sì ń kà á. Àwọn ará abúlé ló ń ṣe eré ara wọn. Ọ̀dá tó ba ẹ̀pà jẹ́ ló mú kí ọ̀dọ́kùnrin kan, Ngor, kúrò nílé lọ wá owó ìyàwó ní Dakar. Ibẹ̀ ni a ti rí i pé ẹ̀pà tí ìjọba amúnisìn fi lélẹ̀ ń pinnu ẹni tí yóò gbéyàwó àti ẹni tí yóò ṣí kúrò nílé. Bàbá àgbà Faye wà nínú fíìmù náà. Kò pẹ́ lẹ́yìn fíìmù náà tí bàbá àgbà náà fi kú.

Nínú *Fad'jal* (1979), àgbàlagbà ń sọ fún àwọn ọmọdé bí a ṣe tẹ abúlé náà dó. Faye fi òfin Senegal ti 1964, tó sọ ilẹ̀ di ti ìjọba, sí ẹ̀gbẹ́ ìtàn yìí. Nípa bẹ́ẹ̀, ìtàn àgbà di ẹ̀rí ẹni tó ni ilẹ̀.

Ní ilẹ̀ Yorùbá tiwa náà, irú iṣẹ́ yìí ti wà: onífíìmù Ayọ̀ Akingbade, tí a bí ní London, ya *Faluyi* (2022) ní Ìdànrè, níbi tí ọ̀dọ́bìnrin kan ti ń tọpasẹ̀ ogún ìdílé rẹ̀.

Ilẹ̀ Okun

Ohun tí Faye rí ní Fad'jal kò jìnnà sí wa. Àwọn ajagun Nupe kó ilẹ̀ Okun lẹ́rú ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, ọ̀pọ̀ ènìyàn sì sá gun orí òkè. 1897 ni ọmọ ogun Royal Niger Company, ilé iṣẹ́ òwò àwọn Gẹ̀ẹ́sì, dé Kàbà ní ilẹ̀ Okun. Kòkó àti kọfí di ohun ọ̀gbìn fún títà. Òfin Ilẹ̀ 1978 sì fi ilẹ̀ sábẹ́ gómìnà. Òkè, oko àti ààlà wọ̀nyí ló mọ ibi tí ìdílé kọ̀ọ̀kan ti wá.

Àgbálọgbábọ̀

Ọ̀nà Faye kò béèrè owó ńlá: ohùn ẹni, ẹbí ẹni àti sùúrù ni. Kí àwọn ọ̀dọ́ Iyara bá àgbà wọn lọ sóko pẹ̀lú kámẹ́rà, kí àgbà fi ọwọ́ tọ́ka ààlà, kí ó dárúkọ òkè ní èdè àdúgbò. Kí àwọn ilé ẹ̀kọ́ gíga wa sì tọ́jú àwọn fíìmù náà gẹ́gẹ́ bí ìwé ìtàn.