Ọ̀jọ̀gbọ́n Grace Alele-Williams: Obìnrin Tí Ó Ṣí Ilẹ̀kùn Ìṣirò

Nígbà gbogbo ni a máa ń ka ìtàn àwọn ọba tí ó so Ifẹ̀ pọ̀ mọ́ Bìní láti ayé Ọ̀rànmíyàn. Ó yẹ kí a ka ìtàn obìnrin kan pẹ̀lú, tí ó ṣe iṣẹ́ ńlá nínú ìlú yìí ní ojú ọ̀pọ̀lọpọ̀ wa. Ohun tí a fẹ́ fi ìtàn rẹ̀ sọ kò ju ọ̀kan lọ: ìṣirò ni ilẹ̀kùn tí ọmọbìnrin gbọ́dọ̀ gbà wọlé kí ó tó lè di ẹnjiníà, inú ilé wa gan-an ni a sì ti máa ń ti ilẹ̀kùn náà mọ́ ọn lójú.

Ìlú Wárì ni a ti bí Grace Alele ní ọjọ́ 16 oṣù Kejìlá, ọdún 1932. Ọmọ Ìtsekiri ni. Ìtàn àwọn Ìtsekiri sọ pé Ginuwa, ọmọ ọba Bìní, ni ó tẹ ìjọba wọn dó. Èdè wọn sì súnmọ́ èdè Yorùbá bí ọmọ ìyá méjì. Nítorí náà, kì í ṣe àlejò ní Bìní, kì í sì í ṣe àlejò lọ́dọ̀ wa. Nígbà tí ó di ọdún 1963, Babatunde Williams, olùkọ́ni nípa ètò ìṣèlú, gbé e níyàwó, ó sì di ìyàwó ilé wa pátápátá.

Láti Wárì ni ó ti lọ sí Queen's College ní Èkó, ó sì ti ibẹ̀ dé University College, Ìbàdàn, tí a dá sílẹ̀ ní 1948. Ní ọdún 1954 ni ó gba oyè nínú ìṣirò níbẹ̀, kò tíì pé ọmọ ọdún 22. Ní ayé ìgbà náà, ẹni tí ó bá rán ọmọbìnrin lọ sí yunifásítì kò pọ̀, ká má tilẹ̀ sọ pé kí ó lọ kọ́ ìṣirò. Lẹ́yìn èyí ni ó lọ ń kọ́ àwọn ọmọbìnrin ní Queen's School, Ẹdẹ. Ní 1957 ó kọjá sí Yunifásítì Vermont ní Amẹ́ríkà. Láti ibẹ̀ ni ó ti dé Yunifásítì Chicago, níbi tí ó ti gba oyè ọ̀mọ̀wé ní 1963 lórí bí a ṣe ń kọ́ni ní ìṣirò. Òun ni a mọ̀ sí obìnrin àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà tí ó gba oyè ọ̀mọ̀wé.

Ọdún 1957 tí ó dé Amẹ́ríkà náà ni àwọn ará Rọ́ṣíà ju Sputnik sí ojú ọ̀run. Ẹ̀rù ba Amẹ́ríkà, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí tún ẹ̀kọ́ ìṣirò àti sáyẹ́ǹsì ṣe láti ìpìlẹ̀. Àtúnṣe yìí dé ilẹ̀ Áfíríkà pẹ̀lú. Àwọn olùkọ́ láti orílẹ̀-èdè púpọ̀ pàdé ní Entebbe, ní Uganda, láti kọ ìwé ìṣirò tuntun fún àwọn ọmọ wa. Grace Alele-Williams kó ipa nínú iṣẹ́ náà. Láti ọdún 1965 ni ó ti wà ní Yunifásítì Èkó, ibẹ̀ ni ó ti darí ilé-ẹ̀kọ́ nípa iṣẹ́ olùkọ́ni, tí ó sì dá ẹ̀kọ́ onísátífíkéètì sílẹ̀ fún àwọn olùkọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Púpọ̀ nínú àwọn tí ó jàǹfààní rẹ̀ jẹ́ àgbà obìnrin. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ kíyè sí èyí. Bí ìṣirò bá ń ba tíṣà lẹ́rù, yóò ba ọmọ tí ó jókòó níwájú rẹ̀ lẹ́rù.

Ní ọdún 1985 ni a fi í ṣe Ọ̀gá Àgbà Yunifásítì Bìní, obìnrin àkọ́kọ́ tí ó jókòó lórí irú àga bẹ́ẹ̀ ní Nàìjíríà. Yunifásítì náà, tí ìjọba Ogbemudia dá sílẹ̀ ní 1970, ti di ti ìjọba àpapọ̀ láti 1975. Àkókò tí ó dé kò dẹrùn. Ètò SAP bẹ̀rẹ̀ ní 1986, owó já wálẹ̀, oúnjẹ wọ́n. Àwọn ẹgbẹ́ òkùnkùn ń gbilẹ̀ láàárín àwọn akẹ́kọ̀ọ́, ó sì dojú ìjà kọ wọ́n. Ní oṣù Karùn-ún ọdún 1989 ni ìwọ́de lòdì sí SAP bẹ́ sílẹ̀ nínú ìlú yìí, tí ó sì tàn káàkiri. Àwọn tí ó ní ìsọ̀ nígbà náà kò lè gbàgbé. Síbẹ̀, ìyá yìí wà lórí iṣẹ́ títí di 1991, ọdún kan náà tí a pín Bendel sí Edo àti Delta. Àwọn tí ń wò ó bóyá obìnrin lè ṣe é rí ìdáhùn wọn.

Ẹnìkan lè béèrè pé, kí ni èyí kan iṣẹ́ ẹnjiníà? Ẹ jẹ́ kí a wo ẹnjiníà kẹ́míkà. Àwọn ìyá wa ni ó ni iṣẹ́ yìí tẹ́lẹ̀. Alárò mọ iye ọjọ́ tí ewé èlú yóò fi wà nínú ìkòkò. Ẹni tí ń se ọṣẹ dúdú mọ bí omi eérú ṣe gbọ́dọ̀ kan tó kí ó tó da àdín sí i. Ní ilé-iṣẹ́ ìfọpo, irú èyí tí a ṣí ní Wárì ní 1978, iṣẹ́ tí ó jọ èyí ni: a ń gbé epo rọ̀bì kaná, pẹtiróòlù a gbéra lọ sókè, kẹrosíìnì a dúró nísàlẹ̀ rẹ̀, dísù a sì tún wà nísàlẹ̀ èyí. Ìyàtọ̀ tí ó wà níbẹ̀ ni pé ẹnjiníà gbọ́dọ̀ ṣírò ooru, ìwọ̀n àti bí epo ṣe ń yára ṣàn, nítorí bí ó bá ṣì í ṣe, iná lè jó ènìyàn. Nígbà tí iṣẹ́ aró àti ọṣẹ di iṣẹ́ ìwé, ọwọ́ ọkùnrin ni ó bọ́ sí, nítorí pé ọkùnrin ni a kọ́ ní ìṣirò.

Ọdún 1958 ni a dá ẹgbẹ́ àwọn ẹnjiníà Nàìjíríà sílẹ̀. Ọkùnrin ni gbogbo ààrẹ rẹ̀ títí di ọdún 2024, nígbà tí Margaret Aina Oguntala di obìnrin àkọ́kọ́ tí ó jẹ ààrẹ. Ẹnjiníà kẹ́míkà ni. Ọdún 66 kì í ṣe ọjọ́ kan.

Ọjọ́ 25 oṣù Kẹta ọdún 2022 ni Ọ̀jọ̀gbọ́n Alele-Williams papò dà, ní ẹni ọdún 89. Ilẹ̀kùn tí ó ṣí kò gbọdọ̀ padé mọ́ àwọn ọmọ wa. Nínú owó tí a óò kó jọ lónìí, a bẹ ẹgbẹ́ pé kí a yọ ìpín kan sọ́tọ̀ fún ẹ̀kọ́ ìṣirò àti sáyẹ́ǹsì àwọn ọmọbìnrin wa. Èyí tí kò sì ná wa ní kọ́bọ̀ ni pé, bí ọmọbìnrin bá gbé ìṣirò wá sílé lálẹ́, kí a má ṣe sọ fún un pé ti ọkùnrin ni, kí ó wá ká ọjà. Ẹ jẹ́ kí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin ká ọjà náà. Kí Olódùmarè fi èrè sí iṣẹ́ wa o. Àṣẹ.